Bí Ọmọdé Bá Láṣọ Bí Àgbà: Ọ̀rọ̀ Lórí Àwọn Olùtọ́jú Fíìmù Àtijọ́

Àwọn àgbà ní bí ọmọdé bá láṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà. Àwọn tó ń ṣe fíìmù nílẹ̀ wa ti láṣọ: kámẹ́rà wọn dára, òǹwòran wọn sì pọ̀. Àkísà ni wọn kò ní. Bí wọ́n bá sì fẹ́ yá a, ẹni tó tọ́jú rẹ̀ ni wọn yóò máa bú: "Kí ló ṣe ju pé ó ṣí kọ́bọ́ọ̀dù, tó fi ń gbowó?"

Mo kọ ọ̀rọ̀ yìí pátápátá. Ẹ jẹ́ kí a fi Èjìgbò ṣe àpẹẹrẹ. Níbi ọdún Òrìṣà Ògìyán, ìhà méjì ìlú a máa fi pàṣán na ara wọn. Pierre Verger, ọmọ Faransé tí Ifá sọ di Fátúmbí, ya àwòrán níbẹ̀, ó sì ṣàlàyé ọdún náà nínú ìwé rẹ̀, Orixás, tó jáde ní 1981. Salvador, ní Bràsíl, ni àwòrán rẹ̀ tó lé ní 60,000 wà. Ta ni yóò wá ti Èjìgbò rí nínú wọn fún ẹni tó ń ṣe fíìmù? Ẹni tó kọ orúkọ ìlú àti ti òrìṣà sí i lára ni.

Èmi tí mo ń kọ́ni ní ìmọ̀ ẹ̀dá-èdè mọ ibi tí bàtà ti ń ta wá lẹ́sẹ̀. Ògìyán ni òrìṣà Èjìgbò, Ògìyán náà sì ni orúkọ oyè ọba wọn. Ẹni tí kò gbọ́ Yorùbá yóò kọ ọ̀kan dípò èkejì. Bí ó bá kọ "ijó ìbílẹ̀" sára ìjà òrìṣà, ẹni tó ń wá ìjà náà kò ní rí i láéláé.

Fíìmù Shaihu Umar, tí wọ́n ṣe ní 1976, ni ẹ̀rí mi. A rò pé ó ti sọnù, àfi ìgbà tí wọ́n rí i ní 2016. Wọ́n tún un ṣe ní Berlin, wọ́n sì fi hàn níbẹ̀ ní 2018. Kò kúrò nílẹ̀ wa. Ẹni tó mọ̀ pé ó wà níbẹ̀ ni kò sí.

Ẹlòmíràn yóò ní íntánẹ́ẹ̀tì ti tó. Irọ́ ni. Íntánẹ́ẹ̀tì a máa fi àwòrán kan náà hàn lábẹ́ ọdún mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, láìsí èyí tó jóòótọ́.

Nítorí náà, kí ìjọba Ọ̀ṣun gba àwọn olùtọ́jú tó mọ Yorùbá kọ sílẹ̀ síṣẹ́. Ilé àṣà tó wà ní Òṣogbo kò jìnnà sí Èjìgbò. Kí àwọn ọmọ Èjìgbò tó rí já jẹ ní Àbíjàn dá owó àdàkọ. Kí a gbé àwòrán náà tọ àwọn àgbà ìlú lọ nígbà tí ojú wọn ṣì ń ríran. Kí aṣefíìmù sanwó, kó sì kọ orúkọ olùtọ́jú sí òpin fíìmù rẹ̀.

Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Bí àgbà ilé bá lọ tán, ta ni yóò sọ àwọn tó wà nínú àwòrán lórúkọ?