Ẹ Jẹ́ Kí Lọ́yà Máa Sọ̀rọ̀ Lórí Tẹlifíṣọ̀n

Agbẹjọ́rò àgbà kan ní Òṣogbo sọ ọ́ níwájú èrò pé lọ́yà tí kò rí ẹjọ́ gbà ló ń jókòó síwájú kámẹ́rà. Ó ní òfin kì í ṣe ọ̀rọ̀ ọjà. Irọ́ ni! Lọ́yà tó ń tú òfin palẹ̀ fún ará ìlú lórí tẹlifíṣọ̀n, iṣẹ́ amòfin gan-an ló ń ṣe.

Ta ni òfin ń mú? Ọlọ́kadà tí wọ́n dá dúró ní Ọláìyá l'Óṣogbo ni, àti opó tí àwọn àna fẹ́ gba ilé lọ́wọ́ rẹ̀. Àwọn wọ̀nyí ni bàbá náà ò fẹ́ kó gbọ́. Ṣé Fẹ́mi Fálànà, tó kàwé òfin ní Yunifásítì Ifẹ̀, tó di agbẹjọ́rò àgbà (SAN) lọ́dún 2012, tí a ń rí lórí tẹlifíṣọ̀n Channels, ṣé òun náà ò rí ẹjọ́ gbà ni? Bọ́lá Ìgè, ọmọ Ẹ̀sà-Òkè tiwa, lọ́yà ni nígbà ayé rẹ̀, síbẹ̀ ó kọ̀wé fún ará ìlú nínú ìwé ìròyìn Sunday Tribune. Ẹnu bàbá yìí gbà á láti pe irú wọn ní aláìríṣẹ́ṣe!

Ó tún na Rúùlù 33 inú òfin ìwà amòfin ti 2007 sí wa. Kó lọ tún un kà. Lọ́yà tó wà nínú ẹjọ́ ni rúùlù yẹn bá wí, pé kó má sọ ohun tó lè ba ìgbẹ́jọ́ jẹ́ níta. Kò ní kí gbogbo amòfin yadi.

Ẹ wo àpẹẹrẹ kan. Ní 27 oṣù kìíní 2023, ìgbìmọ̀ ẹjọ́ ìdìbò gómìnà Ọ̀ṣun ní Òṣogbo ní Oyètọ́lá ló wọlé, kì í ṣe Adélékè tí àjọ elétò ìdìbò INEC kéde pẹ̀lú ìbò 403,371 sí 375,027. Adájọ́ méjì ló fẹnu kò, ẹnìkẹta takò wọ́n. Gbogbo wa ń béèrè bóyá Adélékè máa kẹ́rù lọ́jọ́ kejì. Apá 143 òfin ìdìbò 2022 ti dáhùn: tó bá ti pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lásìkò, yóò wà lórí àga títí ẹjọ́ yóò fi parí. Àwọn lọ́yà orí tẹlifíṣọ̀n ló là á yé wa. Nígbà tí ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ sì fìdí Adélékè múlẹ̀ ní 9 oṣù karùn-ún, àwọn náà ló ṣàlàyé pé ìròyìn láti inú BVAS, ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń ṣàyẹ̀wò olùdìbò, nìkan kò tó. Ẹ̀rọ náà fúnra rẹ̀ àti ìwé orúkọ olùdìbò gbọ́dọ̀ dé iwájú adájọ́.

Èmi mọ bó ṣe ń rí tí lọ́yà ò bá ṣàlàyé. Nígbà ẹjọ́ ilẹ̀ bàbá wa ní Iléṣà, Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n ń sọ ní kóòtù nípa ilẹ̀ tí ìyá mi fọwọ́ ara rẹ̀ ro. Bí ìyá mi bá béèrè, gbólóhùn kan ṣoṣo ni lọ́yà wa ní: "Wọ́n ti sún un síwájú, mà." Owó rẹ̀ kò sún rí. N kò tíì dárí jì í.

Nítorí náà, kí OSBC, iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun, fún àwọn lọ́yà láyè lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, ní Yorùbá. Bí agbẹjọ́rò àgbà yìí bá sì rò pé iṣẹ́ ọ̀lẹ ni, kó wá sí ọjà Atakúmọ̀sà ní Iléṣà, kó ṣàlàyé apá 143 fún àwọn ìyá ibẹ̀, kí wọ́n sì bi í ní ìbéèrè.