Ìlú Tí Kùsà Dá Sílẹ̀ Náà Ní Ìtàn

Bí olùkọ́ bá ní kí akẹ́kọ̀ọ́ kan ní Ìkòtun, Ẹgbẹ́dá tàbí Ìgándò kọ ìtàn ìlú, ọdẹ ni yóò kọ́kọ́ dárúkọ. Lẹ́yìn ọdẹ, ọba. Lẹ́yìn ọba, ogun. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe kọ́ ọ, bẹ́ẹ̀ sì ni yóò ṣe gba máàkì. Àwọn olùkọ́ kan tilẹ̀ ń jiyàn pé ìlú tí èédú tàbí kùsà dá sílẹ̀ kò ní ìtàn tó yẹ kíláàsì Yorùbá. Wọ́n ní ti òyìnbó ni, ti Òkè Ọya àti ti ìlà-oòrùn ni. Iyàn tí kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ ni.

Ní ọdún 1909 ni Albert Kitson rí èédú ní agbègbè Enúgù. Ní 1915 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí wà á. Nítorí èédú yìí ni wọ́n ṣe tẹ Port Harcourt dó. Nígbà tí rélùwéè gba ẹ̀rọ tó ń lo epo, kòtò èédú di ahoro díẹ̀díẹ̀. Ní ọjọ́ 18 oṣù Kọkànlá, 1949, ọlọ́pàá yìnbọn pa òṣìṣẹ́ 21 ní Iva. Ìgbìmọ̀ ìwádìí jókòó lé ọ̀rọ̀ náà, ìwé ìròyìn sì pariwo rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí kò fi parẹ́. Ṣùgbọ́n láàárín 1942 sí 1944, nǹkan bí 100,000 ènìyàn ni ìjọba fi tipátipá kó lọ wa tíìnì lágbègbè Jọ́ọ̀sì fún ogun tí Gẹ̀ẹ́sì ń jà. Olùdíje mélòó ló ti gbọ́ ọ rí? Nígbà tí owó tíìnì já wálẹ̀ lágbàáyé ní 1985, ìdákẹ́jẹ́ tún bo ibẹ̀.

Kuza ni Hausa ń pe tíìnì. Ẹni tó bá ń kọ́ni ní èdè tí kò rí bí ó ti jọ kùsà tiwa, kí ó tún etí rẹ̀ ṣí.

Ilé kò sì jìnnà. Wọ́n wa wúrà ní ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà, ní àyíká Ìtagúnmódì àti Ìpérindó, nígbà ìjọba amúnisìn. Ọ̀dọ́ tó gbọ́ ní 2021 pé Segilola yọ wúrà àkọ́kọ́ lè rò pé àná ni wúrà dé Ọ̀ṣun.

Ìkànìyàn 2006 ka ènìyàn 1,277,714 ní Alímọ̀ṣọ́. Ibi gbogbo ni wọ́n ti wá. Yóò yani lẹ́nu bí kò bá sí àgbà kankan láàárín wọn tó ṣòwò aṣọ ní Bùkúrù tàbí tó gbé Enúgù. Àwọn wọ̀nyí ń kú, olùkọ́ sì ń ní kí ọmọ lọ ṣe àdàkọ oríkì tó ti wà nínú ìwé mẹ́wàá!

Kí akẹ́kọ̀ọ́ bèèrè orúkọ kòtò, iye owó ọ̀sẹ̀, orin tí wọ́n ń kọ, ohun tí wọ́n ń jẹ, ọdún tí ibẹ̀ tú àti ohun tó tú u. Kí ó kọ orúkọ ẹni tó sọ̀rọ̀, bí onítọ̀hún bá gbà, àti ọjọ́ tó sọ ọ́. Kí ó má fi àlọ́ dí ibi tí àgbà ti gbàgbé. Àlàfo sàn ju irọ́ lọ. Bí àgbà bá sì da Hausa tàbí Ìgbò pọ̀ mọ́ Yorùbá, kí olùkọ́ má ṣe fi gègé pupa fà á: bí wọ́n ṣe sọ̀rọ̀ lẹ́nu kòtò nìyẹn, bẹ́ẹ̀ sì ni kí a kọ ọ́.