Yunifásítì Abẹ́ Agbòòrùn: Ta Ló Ní Yorùbá Kò Lè Ṣàlàyé Ìmọ̀ Ẹ̀rọ?

  Ẹ má bínú pé n kò tètè kọ̀wé. Iṣẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ni mo ń yẹ̀ wò. Bí ọ̀rọ̀ tí mo gbé wá lónìí bá korò lẹ́nu ẹnikẹ́ni nínú àwa tí a ń pe ara wa ní ọ̀mọ̀wé, kí onítọ̀hún fi ṣe agbo. Agbo kì í dùn, ara ló ń ṣe lóore.

Orí fóònù mi ni ọ̀rọ̀ náà ti bẹ̀rẹ̀. Ní ọjọ́ kan tí òjò rọ̀ gan-an, mo sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ ní Agric, ní Ìkòròdú. Bí mo ti ń wá ibi tí n ó fẹsẹ̀ tẹ̀, fóònù bọ́ lọ́wọ́ mi, ó kó sínú ọ̀gbàrá. Kí n tó yọ ọ́, ó ti kú pátápátá. Owó tí mo fi rà á kọ́ ló dùn mí jù. Ohùn àwọn àgbà Ìkòròdú tí mo gbà sílẹ̀ fún iṣẹ́ ìwádìí lórí ẹ̀ka-èdè wọn ló wà nínú rẹ̀, ó lé ní wákàtí mẹ́rin, n kò sì tíì dà á sórí kọ̀ǹpútà. Ọ̀kan nínú àwọn ìyá àgbà náà ti di ẹni ilẹ̀. Ta ni yóò bá mi jí i kí ó wá tún ọ̀rọ̀ rẹ̀ sọ?

Mo kọ́kọ́ gbé e lọ sí ilé-iṣẹ́ ńlá kan tí wọ́n ti ń tún irú rẹ̀ ṣe; n kò ní dárúkọ wọn. Ẹ̀rọ amúlétutù ń fẹ́ lẹ́lẹ́, aṣọ kan náà ni gbogbo òṣìṣẹ́ wọ̀. Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi kí mi, mo fi Yorùbá dáhùn. Ọ̀dọ́mọbìnrin tó dá mi lóhùn, tí orúkọ Yorùbá wà gàdàgbà láyà rẹ̀, rẹ́rìn-ín músẹ́, ó sì ń bá Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ lọ. Wọ́n ní bọ́ọ̀dù inú rẹ̀ ti bàjẹ́, wọ́n ní kí n ra tuntun, kí n sì gbàgbé ohun tó wà nínú rẹ̀. Mo béèrè pé kí ni ó bàjẹ́ gan-an nínú bọ́ọ̀dù náà. Èsì kan náà ni wọ́n tún fún mi: bọ́ọ̀dù ti bàjẹ́.

Aládùúgbò mi kan ló mú mi padà wá sí Agric, sọ́dọ̀ ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń tún fóònù ṣe lẹ́bàá títì. Tábìlì kan, bẹ́ǹṣì kan, agbòòrùn ńlá kan, jẹnẹrétọ̀ kékeré kan, ọmọṣẹ́ mẹ́ta. Gbogbo ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ nìyẹn.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ jókòó," ó wí. "Ẹ ti kì í bọ ìrẹsì, àbí?"

Mo jẹ́wọ́ pé mo ti ṣe bẹ́ẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín, ó kọjú sí àwọn ọmọṣẹ́ rẹ̀. "Ẹ gbọ́ o. Ohun tó wà nínú omi ló ń pa fóònù ju omi fúnra rẹ̀ lọ. Bí omi bá gbẹ tán, iyọ̀ àti ìdọ̀tí á ṣẹ́ kù sórí bọ́ọ̀dù, àwọn ló máa ń jẹ irin. Ìrẹsì ò lè fa iyọ̀ jáde. Fífọ̀ là ń fọ̀ ọ́, a kì í sin ín."

Ó tú fóònù náà, ó fi búrọ́ọ̀ṣì àti sípíríìtì fọ bọ́ọ̀dù rẹ̀. Ó fi ẹnu mítà méjèèjì kàn án, mítà ké. "Ọ̀nà iná àti ilẹ̀ ti pàdé níbi tí kò yẹ kí wọ́n ti pàdé," ó wí fún wọn. "Bátìrì ń gbé iná wá, iná ò dé ibi tó ń lọ, ó ń ṣẹ́rí padà. Ẹ fi wé páìpù omi tó lu: ẹ ṣí omi lókè, kò sẹ́ni tó máa rí omi bù nísàlẹ̀." Lẹ́yìn náà ó fi iná díẹ̀ sínú bọ́ọ̀dù náà láti inú ẹ̀rọ tó ń wọn iná. Kò jẹ́ kí ó ju fóòtì 4 lọ, nítorí pé bátìrì irú fóònù bẹ́ẹ̀ kì í fi púpọ̀ ju fóòtì 4 lọ bí ó bá kún. Ó ta sípíríìtì sí i. Sípíríìtì náà gbẹ lójú kan kíákíá ju ibòmíràn lọ. "Ibi tó gbóná yẹn ni olè fara pa mọ́ sí."

Kapásítọ̀ kan tí kò tó ẹyin iná orí ni. Ó fi ooru yọ ọ́ kúrò. Ọmọṣẹ́ kan béèrè pé, "Ọ̀gá, ṣé fóònù ò ní wá a?" Ó ní, "Wọ́n pọ̀ tó ń ṣe irú iṣẹ́ yẹn lójú ọ̀nà kan náà. Bí ọ̀kan bá lọ, àwọn tó kù á gbé e." Mítà kò ké mọ́. Ó so bátìrì, fóònù là, ohùn ìyá àgbà náà sì jáde lábẹ́ agbòòrùn. N kò mọ ìgbà tí mo dìde lórí bẹ́ǹṣì.

Ẹ jẹ́ kí n wá bọ́ sórí ohun tó mú mi kọ̀wé. Gbogbo ẹ̀kọ́ tí ọ̀dọ́mọkùnrin yẹn kọ́ àwọn ọmọ rẹ̀, Yorùbá ló fi kọ́ wọn. Ẹ óò ní mítà, bátìrì, bọ́ọ̀dù àti kapásítọ̀ wà nínú rẹ̀. Wọ́n wà níbẹ̀. Ẹni tó bá sì kọ́ ìmọ̀ ẹ̀dá-èdè mọ̀ pé ọ̀rọ̀ àyálò kì í sọ èdè di aláìlera. Àwa ni a yá àlùbọ́sà, àlàáfíà àti wàhálà, a sì ti sọ wọ́n di ọmọ ilé. Gẹ̀ẹ́sì yá ọ̀rọ̀ ìṣirò àti ti kẹ́mísìrì lọ́wọ́ Lárúbáwá, Gíríìkì àti Látìn, kò sí ẹni tó sọ pé Gẹ̀ẹ́sì kò lè gbé ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì. Orúkọ Agric gan-an, Gẹ̀ẹ́sì tí a gé kúrú ni. Ṣé ẹnì kan wá lè sọ pé Agric kì í ṣe ilẹ̀ Yorùbá? Ọ̀rọ̀-ìṣe ni kí ẹ wò: ké, lu, pàdé, ṣẹ́rí, fà, jẹ, gbé. Àwọn ló gbé àlàyé náà ró. Wọ́n fi ohun tó fà á hàn, wọ́n fi ohun tó tẹ̀lé e hàn. Ibẹ̀ ni ìmọ̀ wà.

Ní ọjọ́ 30, oṣù November, ọdún 2022, ìgbìmọ̀ aláṣẹ ìjọba àpapọ̀ fọwọ́ sí ìlànà pé èdè abínibí ni kí a fi máa kọ́ ọmọ ní ọdún mẹ́fà ilé-ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Kò tíì pé ọdún mẹ́ta tí Mínísítà fún ètò ẹ̀kọ́, Dókítà Tunji Alausa, fi kéde ní November 2025 pé wọ́n ti fagi lé e. Ìdí tí ó sọ ni pé níbi tí wọ́n ti ń lo èdè abínibí jù ni àwọn ọmọ ti ń fìdí rẹmi jù nínú WAEC, NECO àti JAMB.

Ẹ jẹ́ kí a fi ọwọ́ ṣírò rẹ̀. Ọmọ tó wọ kíláàsì kìíní lẹ́yìn tí ìlànà náà jáde kò tíì jáde ní alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ nígbà tí wọ́n fagi lé e. Báwo ni yóò ṣe ti ṣe WAEC, tí yóò tún ti fìdí rẹmi nínú rẹ̀? Ẹnì kan lè dá mi lóhùn pé ìlànà ètò ẹ̀kọ́ ti ọdún 1977 náà ti ní kí a fi èdè abínibí kọ́ àwọn ọmọ kéékèèké ní ìbẹ̀rẹ̀. Ó sọ bẹ́ẹ̀ lóòótọ́. Ẹ wá rìn láti Agric dé Ìṣawo, kí ẹ yà sí àwọn ilé-ìwé aládàáni ibẹ̀, kí ẹ ka iye tí ó ń fi Yorùbá kọ́ ìṣirò. Òògùn tí aláìsàn kò lò, a kì í sọ pé òun ló pa á.

Ibi tí a ti lò ó ńkọ́? Ní ọdún 1970, Ọ̀jọ̀gbọ́n Babs Fafunwa àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Yunifásítì Ifẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ètò ọlọ́dún mẹ́fà. Wọ́n fi Yorùbá kọ́ àwọn ọmọ ní gbogbo iṣẹ́ fún ọdún mẹ́fà gbáko, wọ́n sì kọ́ wọn ní Gẹ̀ẹ́sì gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ kan láàyè ọ̀tọ̀. Nígbà tí wọ́n fi wọ́n wé àwọn tó bọ́ sórí Gẹ̀ẹ́sì lẹ́yìn ọdún mẹ́ta, àwọn ọmọ Yorùbá yìí kò rẹ̀yìn. Wọ́n tún ṣe dáadáa jù wọ́n lọ. Ó ti lé ní àádọ́ta ọdún. A ní ẹ̀rí nílé, a ń wá àwáwí lóde.

Fóònù tó wà lọ́wọ́ yín pàápàá jẹ́rìí. Kòríà ni Samsung ti wá. Ilé-iṣẹ́ tó ni Tecno, Itel àti Infinix, ìlú Shenzhen ní ilẹ̀ Ṣáínà ni ibùjókòó rẹ̀. Èdè ilẹ̀ wọn ni wọ́n fi ń kọ́ ọmọ wọn ní físíìsì nílé-ìwé, wọ́n sì ń kọ́ Gẹ̀ẹ́sì mọ́ ọn. Ohun tí wọ́n fi èdè wọn ṣe ni àwa ń fi Gẹ̀ẹ́sì rà, tí a sì ń fi Yorùbá tún ṣe lábẹ́ agbòòrùn.

N kò ní dá ìjọba nìkan lẹ́bi. Àwa olùkọ́ Yorùbá náà jẹ̀bi. Àwọn àgbà wa ṣe bẹbẹ nígbà tí Èdè Ìperí Yorùbá jáde, apá kìíní ní 1984, apá kejì ní 1990. Ṣùgbọ́n ìmọ̀ èdè, lítíréṣọ̀ àti ìkọ́ni ni ó dá lé. Láti ìgbà náà, a ń jókòó sínú ọ́fíìsì, a ń ṣẹ̀dá orúkọ gígùn fún ohun tí a kò mọ bí ó ṣe ń ṣiṣẹ́, a kò sì bi àwọn tó ń ṣiṣẹ́ náà léèrè rí ohun tí wọ́n ń pè é. Lẹ́yìn náà ni a óò máa ráhùn pé àwọn èèyàn kò lo ọ̀rọ̀ wa.

Mo mọ̀ pé ohun kan kù díẹ̀ káàtó ní abẹ́ agbòòrùn yẹn. Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi kọ àwòrán ọ̀nà iná inú fóònù. Ìdánwò iṣẹ́ ọwọ́ NABTEB, Gẹ̀ẹ́sì ni. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà sọ fún mi pé, "Ẹ̀gbọ́n, ohun tí mo mọ̀, mo mọ̀ ọ́n. Ibi tí mo máa kọ ọ́ sí ni n ò rí." Mo ti ń rántí ọ̀rọ̀ yẹn láti ọjọ́ náà. Bí ó bá kó kúrò ní Agric lọ́la, tàbí tí ó fi iṣẹ́ sílẹ̀ lọ gun ọ̀kadà, ìmọ̀ rẹ̀ yóò bá a lọ, bí ohùn ìyá àgbà mi ìbá ti lọ.

Nítorí náà, ohun tí mo ń béèrè kò pọ̀. Kí ìjọba àpapọ̀ dá ìlànà 2022 padà, kí ó sì náwó sí ìwé àti olùkọ́ kí ó tó dájọ́. Kí Ìpínlẹ̀ Èkó mú òfin tí ó ṣe ní 2018 lórí kíkọ́ Yorùbá ní gbogbo ilé-ìwé ṣẹ, pàápàá ní àwọn ilé-ìwé aládàáni. Kí àwọn tó ń ṣe ìdánwò iṣẹ́ ọwọ́ gba oníṣẹ́ láàyè láti fi èdè rẹ̀ ṣàlàyé iṣẹ́ rẹ̀. Ní ti àwa ọ̀mọ̀wé, ẹ jẹ́ kí a rán àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa tó wà ní ọdún ìkẹyìn lọ sí irú ṣọ́ọ̀bù bẹ́ẹ̀, kí wọ́n jókòó lórí bẹ́ǹṣì, kí wọ́n kọ ohun tí wọ́n bá gbọ́ sílẹ̀. Èmi ti rán ẹni méjì lọ. Ọ̀gá náà ní kí wọ́n mú omi mímu tiwọn dání, kí wọ́n má sì pẹ́ dé.

Bí a bá ti rí àkọsílẹ̀ wọn, n óò gbé e síbí fún yín. Títí dìgbà náà, ẹ da ohun tó wà nínú fóònù yín sí ibòmíràn o, ẹ má ṣe bíi tèmi. Ire o.