Ọkọ̀ tó ń dípẹtà ní téṣàn ò gba odò kankan là

1/ Gbogbo ìgbà tí fídíò àwọn típà tí ọlọ́pàá India mú nídìí iyanrìn odò bá ti jáde, ẹ̀yin kan á ti sáré débẹ̀: "Ẹ má dá a sílẹ̀! Ẹ jẹ́ kó jẹrà síbẹ̀!" Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀, ẹ jẹ́ ká sọ̀rọ̀. 👇🏽

2/ Mi ò gbèjà olè o. Tí wọ́n bá wa iyanrìn odò ní ìwàkuwà, etí odò á máa ya lulẹ̀, omi kànga á lọ sílẹ̀, ẹsẹ̀ afárá á yọ síta. Ojú àwọn ará Kerala rí i, ìyẹn ni wọ́n ṣe ṣòfin tiwọn lórí iyanrìn odò ní 2001. Òfin ohun àlùmọ́ọ́nì India ti 1957 náà fàyè gba kí wọ́n gbẹ́sẹ̀ lé ọkọ̀, kí kóòtù sì sọ ọ́ di ti ìjọba. Kò burú.

3/ Ṣùgbọ́n kí ẹjọ́ tó parí ńkọ́? Iwájú téṣàn lọkọ̀ máa wà. Oòrùn ń pa á, òjò ń pa á, táyà rọ̀, bátìrì di àwátì. Ẹni tó bá ti kọjá níwájú téṣàn l'Ékòó tàbí n'Íbàdàn mọ ohun tí mò ń wí: koríko ti hù gba inú ẹ́ńjìnnì jáde. Odò wo nìyẹn gbà là? Adìẹ dà mí lóògùn nù, èmi náà fọ́ ọ lẹ́yin, ìyẹn kì í ṣe òfin.

4/ Ní 2002, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ní India dá ẹjọ́ kan tí wọ́n ń pè ní Sunderbhai, láti ìpínlẹ̀ Gujarat. Ṣé ẹ mọ àwọn tí wọ́n fẹ̀sùn kàn? Ọlọ́pàá ni! Ẹ̀sùn náà ni pé wọ́n ń fi ayédèrú pààrọ̀ ẹrù olówó iyebíye tó wà ní ìpamọ́ ní téṣàn, wọ́n sì ń lu ẹrù ní gbànjo láìgba àṣẹ.

5/ Kóòtù wá sọ ọ́ kedere: kò sí àǹfààní nínú kí ọkọ̀ máa wà ní téṣàn fún ìgbà pípẹ́. Ẹ ya fọ́tò ẹ̀, ẹ kọ gbogbo ẹ̀ sílẹ̀, ẹ gba ìwé àdéhùn àti onídùúró lọ́wọ́ ẹni tó ni ín, kó máa gbé e lọ. Ẹrù ò gbọdọ̀ ju ọjọ́ 15 sí oṣù kan lọ ní téṣàn.

6/ "Ṣebí típà náà á padà sódò lálẹ́ ọjọ́ yẹn!" Òótọ́ ni, ó ń ṣẹlẹ̀. Ní 2018, Ilé Ẹjọ́ Gíga Madras tiẹ̀ pàṣẹ pé kí wọ́n má dá irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ sílẹ̀ mọ́, títí kan kẹ̀kẹ́ tí màlúù ń fà. Kẹ̀kẹ́ tí màlúù ń fà kẹ̀!

7/ Ẹ bá mi rò ó. Ẹni tó ní típà ogún, tí wọ́n bá mú ọ̀kan, á kàn kà á mọ́ ìnáwó oṣù ni. Ẹni tó fi owó ẹ̀yáwó ra ẹyọ kan ti kú sípò. Ẹni tó ra iyanrìn náà tó fi kọ́lé alájà mẹ́wàá ńkọ́? Ó wà nílé, ó ń gba atẹ́gùn.

8/ Tẹ́ ẹ bá sì ti ilẹ̀kùn òfin pa, ilẹ̀kùn ẹ̀yìn ló máa ṣí. "Kí lo mú wá fún wa?" Ẹ̀yin náà mọ orin yẹn.

9/ Ohun tí mo fẹ́ rèé: ẹ dá ọkọ̀ sílẹ̀ kíákíá, àmọ́ kí owó ìdúró tó iye tí ọkọ̀ náà tó. Bí wọ́n bá tún mú un, owó ìdúró ti lọ nìyẹn, kí kóòtù gba ọkọ̀ náà, kí wọ́n lù ú ní gbànjo nígbà tó ṣì lówó lórí, kí wọ́n fowó ẹ̀ tún etí odò ṣe. Ọkọ̀ tó ti dípẹtà, ta ló fẹ́ rà á?

10/ Dídá ọkọ̀ sílẹ̀ kì í ṣe ìdáríjì. Ẹjọ́ ṣì ń lọ. Ẹ jẹ́ kí ìyà jẹ ẹni tó jẹ̀bi, kó tó àkókò, kó sì dùn ún. Irin ò mọ̀ pé wọ́n ń fìyà jẹ òun.