Ọ̀RỌ̀ ÌDÍLÉ: Bí Ó Ti Yẹ Kí A Mú Àlejò Rìn ní Ọjà Ọba

Ọ̀rọ̀ àlejò ni mo fẹ́ bá yín sọ lọ́sẹ̀ yìí. Nígbà ọdún Kérésìmesì, àti nígbà ìgbéyàwó òun ìsìnkú, àwọn ọmọ wa tí ń gbé Èkó, Àbújá, Lọ́ńdọ̀nù àti Amẹ́ríkà a máa padà wá sí Adó-Èkìtì, wọn a sì mú ọmọ àti ọ̀rẹ́ wọn lẹ́yìn. A ń fún wọn ní yàrá, a ń fún wọn ní oúnjẹ, a ń mú wọn lọ sí ibi àríyá. Ṣùgbọ́n bí àlejò bá wí pé, "Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi ìlú yín hàn mí," ọ̀pọ̀ nínú wa ni kì í mọ ibi tí a ó bá a gbà. A ó gbé e sínú ọkọ̀, a ó wà á já títì, a ó nawọ́ sí ilé ìjọba, a ó sì padà sílé. Àlejò ti wọ ìlú, kò sì rí ìlú.

Ní Barcelona, olú-ìlú àwọn ará Katalóníà ní ilẹ̀ Sípéènì, iṣẹ́ oòjọ́ ni ọ̀rọ̀ yìí jẹ́ fún àwọn kan. Amọ̀nà ni wọ́n. Wọn a máa mú àlejò fi ẹsẹ̀ rìn la àdúgbò àtijọ́ já, wọn a fi ilé hàn wọ́n, wọn a sì mú wọn tọ́ oúnjẹ wò lọ́dọ̀ àwọn olùtajà bí wọ́n ti ń lọ. Ní àdúgbò Ribera, ilé ìsìn ńlá kan wà tí a ń pè ní Santa Maria del Mar, èyí tí a bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1329 tí a sì parí ní ọdún 1383. Amọ̀nà kì í kàn wí pé, "Ẹ wo bí ó ti ga tó." Yóò sọ pé àwọn alábàárù èbúté ni ó fi ẹ̀yìn ru òkúta wá láti òkè Montjuïc fún iṣẹ́ náà, yóò sì fi àwòrán wọn hàn lára ilẹ̀kùn. Kò jìnnà sí ibẹ̀ ni ọjà Santa Caterina gbé wà. Nígbà tí wọ́n tún ọjà náà kọ́, tí wọ́n sì ṣí i padà ní ọdún 2005, wọ́n fi òrùlé tí ń rú bí ìgbì òkun bò ó, wọ́n sì tẹ́ àwo amọ̀ aláwọ̀ 67 sí i lórí. Síbẹ̀ wọn kò wó ògiri àtijọ́ tí ó yí ọjà náà ká. Ìpìlẹ̀ ilé àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ ìsìn tí wọ́n sì hú kàn lábẹ́ ilẹ̀, wọ́n fi í sílẹ̀ kí ènìyàn lè máa wò ó. Ẹni tí ó wá ra ẹja yóò ra ẹja rẹ̀, yóò sì mọ ibi tí òun dúró sí.

Kí ni ó dé tí àwa kò fi lè ṣe irú èyí ní Ọjà Ọba? Kò sí ohun tí ó ṣe wá, bí kò ṣe pé a rò pé ohun tí a ń rí lójoojúmọ́ kò tó fi han ẹnikẹ́ni. Ẹ jẹ́ kí n sọ bí èmi ì bá ti mú àlejò rìn.

Iwájú Ààfin Ewì ni mo máa ń fẹ́ kí ìrìn náà ti bẹ̀rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí àlejò kọ ẹ̀yìn sí ọjà, kí ó kọ ojú sí ààfin, kí ẹ sì sọ fún un pé ní ilẹ̀ Yorùbá, ọjà ọba kì í jìnnà sí ẹnu ọ̀nà ọba, nítorí pé ibẹ̀ ni gbogbo ìlú ti ń pàdé. Ẹ sọ fún un nípa Ewì Aládésanmí Kejì tí ó jẹ láti ọdún 1937 títí di ọdún 1983, àti nípa Ọba Adéyẹmọ Adéjùgbé, Aládésanmí Kẹta, tí ó gorí ìtẹ́ ní ọdún 1990. Mo mọ̀ pé wọ́n ti tún Ọjà Ọba kọ́, àti pé ilé ìtajà onísímẹ́ǹtì ti rọ́pò púpọ̀ nínú àtíbàbà àtijọ́. Ẹ má ṣe jẹ́ kí ojú tì yín nítorí èyí. Ọjà kò dúró lórí ògiri nìkan. Ẹ wọlé tọ àwọn tí ń tà níbẹ̀ lọ.

Ẹ kọ́kọ́ mú un dé ọ̀dọ̀ ìyá tí ń ta ọ̀ọ̀lẹ̀. Kí àlejò rà á, kí ó tú u, kí ó sì jẹ ẹ́. Nígbà tí ó bá ń jẹ ẹ́ lọ́wọ́, ẹ fi ewé tí a fi pọ́n ọn hàn án. Ewé eéran ni. Ìbátan rẹ̀ nínú igbó ni ewé gbọ̀dọ̀gì, tí a fi ń di obì kí ó má baà gbẹ. Gbọ̀dọ̀gì yìí kan náà ni àwọn baba wa nínú ilẹ̀ igbó fi ń bo ilé kí páànù tó dé. Láti ìdí ewé ọ̀ọ̀lẹ̀ ni ẹ ti lè bẹ̀rẹ̀ sí sọ̀rọ̀ ilé, àlejò kò sì ní rò pé ẹ̀kọ́ ni a ń kọ́ òun.

Lẹ́yìn èyí, ẹ yà sí agbo ilé kan lẹ́yìn ọjà, níbi tí akọ̀dì bá ṣẹ́ kù. Akọ̀dì ni ilé tí a kọ́ yí àgbàlá ká ní igun mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, tí òrùlé rẹ̀ dà sí inú, tí òjò fi ń ṣàn wá sí àárín, tí a sì ń fi ìkòkò gbè é. Ẹ fi ògiri hàn án. Amọ̀ ni, tí a fi ẹsẹ̀ pò, tí a mọ ní ìpele-ìpele, tí a sì ń jẹ́ kí ìpele kan gbẹ kí a tó gbé òmíràn lé e. Níbi tí wọn kò bá tíì rẹ́ ẹ, ojú lè rí ilà tí ó wà láàárín ìpele méjì, ẹnìkan sì lè fi ọwọ́ ka iye rẹ̀. Àlejò yóò wí pé yàrá wọ̀nyí kéré, wọ́n sì ṣókùnkùn. Ẹ dá a lóhùn pé oorun àti ẹrù ni a kọ́ yàrá fún. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ àti àgbàlá ni àwọn ènìyàn ń gbé. Níbẹ̀ ni wọ́n ti ń gba àlejò, tí wọ́n ti ń parí ìjà, tí ìyá àgbà ti ń rán ọmọdé níṣẹ́, tí odó sì dúró sí.

Odó yìí ni ó yẹ kí ó gbà yín ní ọ̀sán. Àwọn àgbà wí pé iyán ni oúnjẹ, ọkà ni oògùn. Àwa Èkìtì, tí a ń pè é ní uyán, kò jiyàn sí èyí. Ẹ jẹ́ kí àlejò gbọ́ bí àwọn obìnrin méjì tàbí mẹ́ta ti ń gbé ọmọ odó sókè ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, tí ọ̀kan kò sì kọlu èkejì. Ẹ jẹ́ kí ó gbìyànjú kí ó sì rẹ̀ ẹ́. Nígbà náà ni yóò mọ ìdí tí a fi fi àárín ilé sílẹ̀ ní gbangba. Nínú yàrá tí a há ènìyàn mọ́, ta ni ó lè gún iyán fún ogún ènìyàn? Ibi tí ooru lè gbà jáde, tí èéfín lè gbà lọ, tí ọwọ́ lè gbé ga láìkan àjà, ni iyán ń fẹ́. Kí ó fi ọwọ́ bù ú pẹ̀lú ọbẹ̀ ẹ̀gúsí tàbí ẹ̀fọ́, kí ó sì jókòó ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ náà jẹ ẹ́.

Bí ẹ bá jáde, ẹ wo ilé pẹ́tẹ́ẹ̀sì tí ó wà ní ẹ̀gbẹ́ títì. Owó kòkó ni ó kọ́ púpọ̀ nínú wọn. Ní ìta, ẹ ó rí símẹ́ǹtì tí a fi rẹ́ ẹ, òpó rìbìtì, àti òdòdó tí a fi símẹ́ǹtì ṣe sórí fèrèsé. Ní inú ògiri, amọ̀ àwọn baba wa ni ó sábà máa ń wà níbẹ̀. Èkó ni àrà yìí ti wá. Ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, àwọn ọmọ Yorùbá tí a ti kó lẹ́rú lọ sí Bùràsíìlì àti Kúbà, àti àwọn ọmọ wọn, bẹ̀rẹ̀ sí padà bọ̀ wá sílé. Àwọn ni a ń pè ní Àgùdà, wọ́n sì tẹ̀dó sí Pópó Àgùdà. Mọ́límọlí àti káfíńtà wà láàárín wọn; ọ̀kan nínú wọn, João Baptista da Costa, ni ó kọ́ mọ́ṣáláṣí Shitta-Bey tí a ṣí ní ọdún 1894. Iṣẹ́ ọwọ́ wọn sì ti Èkó tàn wọ ìlú òkè. Ní Pópó Àgùdà pẹ̀lú, oúnjẹ kò ya ilé: ní ọjọ́ Ẹtì Rere wọn a máa se frẹ́jọ̀n, ẹ̀wà tí a fi omi àgbọn sè, a sì ń fi ọbẹ̀ ẹja jẹ ẹ́. Ẹni tí ó bá jẹ ẹ́ ní abẹ́ irú òrùlé bẹ́ẹ̀ ti gbọ́ ìtàn àwọn Àgùdà láìka ìwé.

Nísinsìnyí, ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí ó mú mi kọ ọ̀rọ̀ yìí. Ilé kan wà ní Tinúbu ní Èkó, tí a ń pè ní Ilojo Bar. Ìdílé Fernandez, àwọn Àgùdà, ni ó kọ́ ọ ní ọdún 1855. Ní ọdún 1956 ìjọba kéde rẹ̀ ní ohun ìrántí tí ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn. Ní oṣù Sẹ́tẹ́ńbà ọdún 2016, katakata wó o lulẹ̀. Òfin wà nínú ìwé, òfin kò sì lè dí katakata lọ́wọ́. Ní ìtòsí wa níhìn-ín, ní Ìkẹ́rẹ́, Ọlọ́wẹ̀ ará Ìsẹ̀ gbẹ́ òpó àti ilẹ̀kùn sí ààfin Ògògà láàárín ọdún 1910 sí 1914. Wọ́n gbé ilẹ̀kùn náà lọ síbi ìpàtẹ ńlá ní Wembley ní ọdún 1924. Ó wà ní ilé ìṣúra British Museum ní Lọ́ńdọ̀nù títí di òní, ìtẹ́ kan tí wọ́n ṣe ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n sì fi ṣe pàṣípààrọ̀ rẹ̀ fún Ògògà. Ọ̀kan nínú òpó wọnnì wà ní Chicago ní Amẹ́ríkà. Ọmọ Èkìtì tí ó fẹ́ rí iṣẹ́ Ọlọ́wẹ̀ wọ̀nyí níláti gba ìwé ìrìnnà.

Ilé tiwa kò ní òkìkí tó bẹ́ẹ̀, nítorí náà wíwó rẹ̀ tilẹ̀ rọrùn jù. Láti ìgbà tí Adó ti di olú-ìlú Ìpínlẹ̀ Èkìtì ní ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù Òkútóbà ọdún 1996, ilẹ̀ àárín ìlú ti di ohun tí owó ń lé kiri. Ẹ mọ bí ó ti ń rí: baba kú, àwọn ọmọ pé jọ, a pín ilẹ̀, akọ̀dì di ṣọ́ọ̀bù mẹ́fà. Èmi kò bá wọn jà. Opó tí òrùlé ń jò lé lórí kò lè fi ìtàn san owó ilé ìwé ọmọ, ògiri amọ̀ tí omi sì ti jẹ nídìí lè pa ènìyàn. Ohun tí ó dùn mí ni pé a ń wó o láìsí ẹni tí ó béèrè ohun tí ó jẹ́. Bí àwọn ọmọ bá ti mọ ilé náà nígbà tí wọ́n wà ní kékeré, wọn ì bá tún ẹ̀gbẹ́ kan ṣe kí wọ́n sì fi ìyókù ṣe ṣọ́ọ̀bù. Bí èyí kò bá sì ṣeé ṣe, wọn ì bá ya àwòrán rẹ̀, wọn ì bá tọ́jú ilẹ̀kùn àti òpó, wọn ì bá kọ orúkọ àwọn tí ó gbé yàrá kọ̀ọ̀kan sílẹ̀. Àlejò tí a ń mú rìn jẹ́ àǹfààní fún àwa fúnra wa, nítorí pé ìbéèrè rẹ̀ ni yóò mú wa wo ohun tí a ti ń kọjá lára rẹ̀ láti ọjọ́ yìí.

Fún ẹni tí ó bá fẹ́ ṣe amọ̀nà, mo ní ìmọ̀ràn díẹ̀. Èkíní, ẹ fi ẹsẹ̀ rìn, kí ẹ sì jáde ní òwúrọ̀ kí oòrùn tó mú. Èkejì, ẹ tọrọ ààyè lọ́wọ́ baálé kí ẹ tó wọ agbo ilé, kí ẹ má sì ya àwòrán ẹnikẹ́ni láìjẹ́ pé ó gbà. Ẹ̀kẹta, ẹ ra ohun tí ẹ bá tọ́ wò. Ìyá tí ó patẹ ọjà kò pa á fún ìran wíwò. Ẹ̀kẹrin, ẹ pe ohun gbogbo ní orúkọ rẹ̀: ìloro, ọ̀dẹ̀dẹ̀, akọ̀dì, àjà, òpó. Orúkọ tí a kò pè mọ́ ni ó ń kọ́kọ́ kú. Ẹ̀karùn-ún, ẹ má ṣe purọ́. Bí ẹ kò bá mọ ẹni tí ó kọ́ ilé kan, ẹ wí bẹ́ẹ̀, kí ẹ sì béèrè lọ́wọ́ ìyá àgbà tí ó jókòó ní ẹnu ọ̀nà. Ó ti lè jẹ́ pé láti ọjọ́ pípẹ́ ni ó ti ń retí ẹni tí yóò béèrè.

Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Nítorí náà, ẹ̀yin òbí, ẹ má ṣe dúró de àlejò láti òkè òkun. Ní ọjọ́ Àbámẹ́ta tí ń bọ̀, ẹ mú ọmọ kan dání lọ sí Ọjà Ọba, ẹ ra ọ̀ọ̀lẹ̀ fún un, kí ẹ sì fi ilé tí a bí baba yín sí hàn án, bí ó bá ṣì dúró. Bí kò bá dúró mọ́, ẹ fi ibi tí ó wà hàn án, kí ẹ sì sọ ibi tí odó gbé wà fún un.

Ó di ọ̀sẹ̀ tí ń bọ̀.