Orúnkún Ọmọ Níye Lórí Ju Ife-Ẹ̀yẹ Lọ

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Ohun tí a bá fi agbára mú ní í le koko. Òwe yìí ni a fẹ́ fi ṣe ìpìlẹ̀ ọ̀rọ̀ wa lónìí, nítorí ohun kan ń bàjẹ́ lójú wa, agbára ni a sì fi ń mú un. Ohun náà ni orúnkún àwọn ọmọ wa.

Bí àkókò eré-ìje ilé-ẹ̀kọ́ bá dé, tàbí bí ìdìbò bá kù sí dẹ̀dẹ̀ tí àwọn olóṣèlú sì ń gbé ife-ẹ̀yẹ kalẹ̀ ní wọ́ọ̀dù kọ̀ọ̀kan, ẹ̀yin òǹkàwé wa mọ ohun tí a máa ń rí. Ọmọ kan ṣubú, ó di orúnkún mú, ó ń jẹ̀rora. Èrò ìwòran ń kígbe pé, “Dìde! Ṣe bí ọkùnrin!” Wọ́n fi ìpara gbígbóná pa á, wọ́n fi aṣọ dì í, wọ́n sì tì í padà sínú pápá. Àwa wí i gbangba pé àṣà búburú ni èyí, ó sì yẹ kí ó dópin.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo bí a ti ṣẹ̀dá orúnkún. Eegun itan wà lókè, eegun ojúgun wà nísàlẹ̀, eegun kékeré pẹlẹbẹ kan sì bo iwájú wọn bí asà. Okùn ara líle mẹ́rin ni ó di oríkèé yìí mú: ọ̀kan wà ní apá inú, ọ̀kan ní apá òde, méjì sì dábùú ara wọn láàárín oríkèé. Láàárín eegun méjèèjì ni kérékèré méjì wà tí ó tẹ̀ bí oṣù tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ lé. Iṣẹ́ tí òṣùká ń ṣe lábẹ́ ẹrù ni kérékèré wọ̀nyí ń ṣe lábẹ́ ìwúwo ara. Bí òṣùká bá ya, orí ni yóò jìyà; bí kérékèré bá ya, eegun ni yóò jìyà.

Ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé àfi bí ẹlòmíràn bá gbá ọmọ lẹ́sẹ̀ ni orúnkún fi lè bàjẹ́. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ọmọ lè máa sáré bọ̀, kí ó fi ẹsẹ̀ kan gúnlẹ̀, kí ó sì yí ara padà lójijì. Ó lè fò sókè láti fi orí kan bọ́ọ̀lù, kí orúnkún rẹ̀ sì tẹ̀ sínú nígbà tí ó bá balẹ̀. Báyìí ni okùn àárín oríkèé ṣe ń já láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn án. Àwọn ọmọbìnrin tí ń gbá bọ́ọ̀lù wà nínú ewu yìí ju ọmọkùnrin lọ. Ní ti títì, ìjàǹbá ọ̀kadà ń fọ́ eegun orúnkún, ó sì ń já okùn rẹ̀.

Àmì rẹ̀ kò fara sin fún ẹni tí ó bá fẹ́ rí i. Bí ọmọ bá wí pé òun gbọ́ ìró bí ìgbà tí igi dá nínú orúnkún, tí ó sì wú láàárín wákàtí díẹ̀, ó ṣeé ṣe gidigidi pé okùn ti já, ẹ̀jẹ̀ sì ti dà sínú oríkèé. Bí orúnkún bá há, tí kò ṣeé nà tán, kérékèré ni kí a fura sí. Bí ó bá ń yẹ̀ mọ́ ọmọ lẹ́sẹ̀ bí ó ti ń rìn, èyí kò ṣeé fojú fò. Ẹ̀tàn tí ó burú jù ni pé ìrora lè lọ láàárín ọ̀sẹ̀ mélòó kan, kí gbogbo ènìyàn sì rò pé ó ti san. Okùn tí ó já kò tíì so. Gbogbo ìgbà tí orúnkún bá tún yẹ̀ ni ó ń lọ kérékèré tí ó kù.

Kí ni kí a ṣe lójú ẹsẹ̀? Kí ọmọ kúrò nínú eré, kí ó sì sinmi. Kí a fi aṣọ wé yìnyín, kí a gbé e lé orúnkún fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sí ogún, lẹ́ẹ̀mélòó kan lóòjọ́, fún ọjọ́ méjì àkọ́kọ́. Kí a fi báńdéèjì dì í, ṣùgbọ́n kí ó má fún jù. Kí a sì gbé ẹsẹ̀ náà ga sórí ìrọ̀rí. Kí a má ṣe fi omi gbígbóná jó o, kí a má ṣe wọ́ ọ, kí a má sì ṣe fi ipá na ẹsẹ̀ tí ó ti wọ́. Bí kò bá lè tẹ ẹsẹ̀ náà mọ́lẹ̀, tàbí tí àtẹ́lẹsẹ̀ tutù tàbí tí ó kú tipiri, ilé ìwòsàn ni, kì í ṣe ọ̀la.

A kò fojú tẹ́ńbẹ́lú àwọn baba wa tí ń to eegun. Ṣùgbọ́n a gbọ́dọ̀ sọ òtítọ́ pé igi tí a bá dì mọ́ ẹsẹ̀ ní fífún jù lè dá ẹ̀jẹ̀ dúró, kí ẹsẹ̀ sì jẹrà. Kì í sì í ṣe gbogbo orúnkún dídùn ni ó ti orí pápá wá: èyí tí ó wú, tí ó gbóná, tí ibà sì bá a rìn lè jẹ́ kòkòrò àrùn nínú oríkèé, àrùn fòníkú-fọ̀la-dìde náà a sì máa dun ọmọ ní oríkèé. Dókítà ni yóò mọ ìyàtọ̀.

Ẹ má sì jẹ́ kí ẹ̀rù ọ̀bẹ lé yín sá. Ọ̀pọ̀ ìpalára orúnkún ni ìsinmi àti ìdárayá tí ń fún iṣan itan lókun ń wò sàn. Àwọn tí ó nílò iṣẹ́ abẹ, a lè fi okùn mìíràn láti ara wọn rọ́pò èyí tí ó já. Sùúrù sì ni olórí oògùn: ẹni tí a ṣe irú iṣẹ́ abẹ yìí fún nílò bí oṣù mẹ́sàn-án, tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, kí ó tó padà sí eré. Ẹ wo Ronaldo ọmọ Brazil. Iṣan tí ó wà lábẹ́ eegun iwájú orúnkún rẹ̀ ya ní oṣù kọkànlá 1999. Nígbà tí ó padà sí pápá ní oṣù kẹrin 2000, kò pẹ́ rárá tí ó fi já pátápátá. Lẹ́yìn ìtọ́jú ọlọ́jọ́ gígùn, ó gba góòlù mẹ́jọ wọlé ní Ife Àgbáyé 2002.

Ṣùgbọ́n ìdènà ṣàn ju ìwòsàn lọ. FIFA ní ètò ìnara kan tí a ń pè ní 11+, tí ó gba nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú kí eré tó bẹ̀rẹ̀: sísáré jẹ́jẹ́, fífò, dídúró lórí ẹsẹ̀ kan, àti kíkọ́ bí a ti ń balẹ̀ láìjẹ́ kí orúnkún tẹ̀ sínú. Ní Èkó níhìn-ín ni àwọn onímọ̀ ti dán an wò láàárín ọ̀dọ́mọkùnrin 416 nínú ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù 20, wọ́n sì tẹ èsì rẹ̀ jáde ní 2014: ìpalára àwọn tí ó ṣe é fi ìpín 41 nínú 100 dín sí ti àwọn tí kò ṣe é. Kò gba owó. Pápá àti olùkọ́ tí ó múra tán ni ó gbà.

Àwọn kan yóò wí pé, “Nígbà tiwa, a gbá bọ́ọ̀lù láìwọ bàtà, kò sí ohun tí ó ṣe wá.” A gbà bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí kò ṣe ni ó ń rojọ́. Ẹni tí ó ti ìgbà náà ń tiro, ẹ kò bi í léèrè.

Nítorí náà, ẹ̀yin olùkọ́, ọ̀rọ̀ yín ni kí ó jẹ́ òfin lórí pápá: ọmọ tí orúnkún rẹ̀ bá wú kò gbọdọ̀ padà wọlé lọ́jọ́ náà, ìbáà ṣe pé ilé rẹ̀ ni yóò gba ipò kìn-ín-ní. Ẹ̀yin alátìlẹ́yìn ẹgbẹ́ òṣèlú gbogbo, nígbà tí ọ̀gá yín bá gbé ife-ẹ̀yẹ wá, ẹ bi í léèrè ohun mẹ́ta: ta ni ó tẹ́ pápá náà kí ihò rẹ̀ tó dí? Ta ni yóò gbé yìnyín àti báńdéèjì wá? Ta ni yóò san owó ìtọ́jú ọmọ tí ó bá ṣèṣe? Bí kò bá ní ìdáhùn, kí ó gbé ife rẹ̀ padà lọ sílé.

Ọmọbìnrin tí orúnkún rẹ̀ bàjẹ́ kò lè kúnlẹ̀ kí ìyá rẹ̀ ní ìrọ̀rùn. Ọmọkùnrin tí tirẹ̀ kò ṣeé ká kò lè ṣe iṣẹ́ oko, bẹ́ẹ̀ ni kò lè gun àkàbà. Ife-ẹ̀yẹ yóò dípẹtà nínú àpótí dígí. Orúnkún ni ọmọ yóò gbé dé ọjọ́ ogbó.