Ojú Irin àti Owó Ọbẹ̀

Ọ̀rọ̀ ọkọ̀ ojú irin ni mo mú wá, ẹ má sì sọ pé ti ọkùnrin ni. Nínú iyọ̀ àti ṣúgà tí ẹ ń rà ní Ìlọrin, owó ìkẹ́rù láti Èkó wà níbẹ̀.

Ní 1896 ni ìjọba Òyìnbó bẹ̀rẹ̀ sí í la ojú irin láti Èkó. Ó dé Ìbàdàn ní 1900, Òṣogbo ní 1907, ó sì wọ Ìlọrin wa ní 1908. Ẹsẹ̀ bàtà 3 àti ínṣì 6 ni àlàfo àárín irin méjèèjì. Tóóró ni, ó sì ń lọ́ kiri bí ejò.

Ti tuntun tí a ṣí láti Èkó sí Ìbàdàn ní oṣù kẹfà 2021 gùn ní kìlómítà 157. Ẹsẹ̀ bàtà 4 àti ínṣì 8 ààbọ̀ ni ìbú tirẹ̀. Ọkọ̀ rẹ̀ kò lè gun irin àtijọ́, bí ìdérí ìkòkò ńlá kò ti í bá ìṣaasùn mu. Nítorí náà, ẹrù Ìlọrin tí ó bá bá a wá, ní Ìbàdàn ni a ó ti sọ̀ ọ́, kí a tún un dì sórí irin àtijọ́ tàbí sínú lọ́rì. Ta ni yóò san owó alábàárù? Ìwọ tí o gbé agbọ̀n lọ sọ́jà ni. Lójú tèmi, ó yẹ kí àwọn obìnrin máa béèrè ìgbà tí ti tuntun yóò dé ọ̀dọ̀ wa.

Ní báyìí ná, ẹ má jẹ́ kí àwọn ọmọ ṣeré lójú irin, bí koríko tilẹ̀ bò ó. Ọkọ̀ tí ó ń sáré kò lè dúró lójijì, bí awakọ̀ tilẹ̀ rí ọmọ náà lókèèrè.